Okùn Tí Yóò So Ayé Mọ́ Òfurufú: Ṣé Ó Ṣeé Ṣe?

Ní oṣù Kejì ọdún 2012, ilé-iṣẹ́ ìkọ́lé Obayashi ní orílẹ̀-èdè Japan kéde ohun kan tó mú kí ọ̀pọ̀ èèyàn rẹ́rìn-ín, tí ó sì mú kí àwọn mìíràn dákẹ́ láti ronú. Wọ́n ní tí yóò bá fi di ọdún 2050, àwọn lè ti so okùn kan tí gígùn rẹ̀ jẹ́ kìlómítà 96,000 láti ojú òkun lọ sí òfurufú, kí ọkọ̀ sì máa gun okùn náà lọ sókè bí ẹ́lífétọ̀ ṣe ń gbé èèyàn láti ìsàlẹ̀ ilé alájà púpọ̀ dé òkè rẹ̀. Obayashi kì í ṣe ilé-iṣẹ́ aláròsọ. Òun ló kọ́ Tokyo Skytree, ilé ìṣọ́ tí gíga rẹ̀ tó mítà 634.

Ọ̀rọ̀ yìí kò lè ṣe àjèjì pátápátá létí ọmọ Yorùbá. Ìtàn ìwáṣẹ̀ sọ pé ẹ̀wọ̀n ni wọ́n fi rọ̀ wá láti ọ̀run sí Ilé-Ifẹ̀ nígbà tí gbogbo ilẹ̀ ayé ṣì jẹ́ omi. Nínú àlọ́ pẹ̀lú, lásìkò ìyàn, ìyá Ajá wà lókè ọ̀run, okùn ló sì máa ń ta sílẹ̀ kí ọmọ rẹ̀ lè gòkè wá jẹun, títí Ìjàpá fi gbọ́ àṣírí náà. Ṣùgbọ́n àlọ́ kì í sọ ohun tí wọ́n fi hun okùn, bẹ́ẹ̀ ni kì í sọ ohun tí wọ́n so òkè rẹ̀ mọ́. Ìbéèrè méjèèjì yìí gan-an ni àwọn onímọ̀ sáyẹ́ǹsì ti ń wá ìdáhùn sí láti ọdún 1895.

Ní ọdún náà ni Konstantin Tsiolkovsky, olùkọ́ ilé-ìwé kan ní ilẹ̀ Rọ́ṣíà, ronú nípa ilé ìṣọ́ Eiffel tó wà ní Paris. Ó bi ara rẹ̀ pé bí wọ́n bá ń kọ́ irú ilé bẹ́ẹ̀ lọ sókè láìdúró, kí ni yóò ṣẹlẹ̀? Ìṣirò rẹ̀ fi hàn pé bí èèyàn bá ṣe ń gòkè nínú ilé náà ni ara rẹ̀ yóò máa fúyẹ́, títí yóò fi dé ibi kan tí kò ní wúwo rárá. Ìṣòro ibẹ̀ ni pé ilé tó bá dúró lórí ilẹ̀ gbọ́dọ̀ ru ẹrù ara rẹ̀, kò sì sí òkúta tàbí irin tó lè ru irú ẹrù bẹ́ẹ̀.

Ẹni tó yí ìbéèrè náà po ni Yuri Artsutanov, ẹnjiníà ọmọ ìlú Leningrad. Ní ọdún 1960, ó ní kí wọ́n má kọ́ ohunkóhun láti ilẹ̀. Kí wọ́n so okùn rọ̀ láti òkè ni. Ìwé ìròyìn ojoojúmọ́, Komsomolskaya Pravda, ló gbé àlàyé rẹ̀ jáde, kì í ṣe ìwé àwọn ọ̀mọ̀wé. Ìdí nìyí tí àwọn onímọ̀ ilẹ̀ Amẹ́ríkà kò fi gbọ́ nípa rẹ̀. Ní ọdún 1966, àwọn mẹ́rin nínú wọn tún ronú kan ohun kan náà, bẹ́ẹ̀ náà ni Jerome Pearson tún ṣe ní ọdún 1975. Nígbà tí èèyàn mẹ́ta ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ bá gba ọ̀nà ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ dé ibì kan náà, ó yẹ kí a fura pé ibẹ̀ kì í ṣe ojú àlá lásán.

Kí wá ni wọn yóò so òkè okùn mọ́? Ìdáhùn náà wà lórí òrùlé ọ̀pọ̀ ilé ní Ìbàdàn àti ní Cotonou. Àwo sátẹ́láìtì tí wọ́n fi ń wo tẹlifíṣọ̀n kì í yí kiri. Ibì kan ṣoṣo lójú ọ̀run ló kọjú sí láti ọjọ́ tí wọ́n ti kàn án mọ́lẹ̀. Bí sátẹ́láìtì bá wà ní nǹkan bíi kìlómítà 400 sókè, nǹkan bíi ìṣẹ́jú 90 ni yóò fi yí ayé po. Bí ó bá ṣe jìnnà tó ni ó ṣe ń pẹ́ tó: òṣùpá, tó jìnnà gan-an, ń lò ju ọjọ́ 27 lọ. Láàárín méjèèjì, ibì kan gbọ́dọ̀ wà tí ìyípo kan yóò ti gba ọjọ́ kan géérégé, bí ayé fúnra rẹ̀ ṣe ń yí. Ibẹ̀ ni kìlómítà 35,786 lókè ìlà agbedeméjì ayé. Ohun tó bá wà níbẹ̀ yóò dà bí ẹni pé ó dúró sójú kan. Ibẹ̀ náà ni sátẹ́láìtì Nàìjíríà, NigComSat-1R, tí wọ́n gbé lọ sókè ní oṣù Kejìlá ọdún 2011, wà.

Láti ibẹ̀ ni wọn yóò ti máa ta okùn sílẹ̀ sí ayé. Bí apá kan bá ti ń sọ̀ kalẹ̀, apá kejì yóò máa lọ sókè sí i, kí ìwọ̀n má baà yẹ̀. Ọmọdé tó bá so òkúta mọ́ okùn tó ń fì í yíká orí mọ̀ pé okùn náà yóò nà gbọnrangandan, nítorí òkúta fẹ́ sá lọ. Bẹ́ẹ̀ ni ọ̀rọ̀ yìí rí. Ayé ni ọwọ́ tó ń fì okùn. Apá òkè ń fẹ́ sá lọ síta, agbára òòfà ilẹ̀ ń fa apá ìsàlẹ̀ wálẹ̀, okùn sì dúró ṣánṣán láàárín wọn. Kò sí òfin ìṣẹ̀dá kankan tí èyí rú.

Níbi tí ọ̀rọ̀ ti le ni ìwúwo okùn fúnra rẹ̀. Ẹni tó bá ti fa omi nínú kànga jíjìn rí mọ̀ pé bí okùn bá ṣe gùn tó ló ń wúwo tó, àti pé òkè okùn, níbi tí ọwọ́ ti dì í mú, ló ń ru gbogbo ohun tó wà nísàlẹ̀. Bí wọ́n bá so okùn irin rọ̀ láti òkè, ìwúwo ara rẹ̀ nìkan yóò já a kí gígùn rẹ̀ tó pé kìlómítà 100. Kevlar, òwú líle tí wọ́n fi ń ṣe ẹ̀wù ayẹta, lè dé nǹkan bíi kìlómítà 250. Ní ti okùn òfurufú, kódà lẹ́yìn tí wọ́n bá ti ṣírò pé agbára òòfà ilẹ̀ ń dínkù bí a bá ṣe ń gòkè, ohun tó ń béèrè ni òwú tó lè ru ara rẹ̀ dé nǹkan bíi kìlómítà 5,000.

Ọgbọ́n kan wà tí wọ́n lè fi dín ìyọnu náà kù: kí okùn tẹ́ẹ́rẹ́ nísàlẹ̀, kí ó máa sanra títí dé kìlómítà 35,786 níbi tí ẹrù ti pọ̀ jù, kí ó sì tún máa tẹ́ẹ́rẹ́ lọ lókè ibẹ̀. Ṣùgbọ́n ọgbọ́n náà ní ohun tó ń gbà. Bí okùn Kevlar bá tẹ́ẹ́rẹ́ bí ìka ọwọ́ nísàlẹ̀, àárín rẹ̀ yóò fẹ̀ ju mítà 200 lọ. Bí ó bá jẹ́ irin, àárín okùn náà yóò sanra ju ilé ayé fúnra rẹ̀ lọ. Níhìn-ín ni ọ̀rọ̀ náà dúró sí fún ọ̀pọ̀ ọdún, tí ó fi jẹ́ pé inú ìwé ìtàn àròsọ, bí èyí tí Arthur C. Clarke tẹ̀ jáde ní ọdún 1979, nìkan ni okùn náà ti ń ṣiṣẹ́.

Ní ọdún 1991 ni ìrètí yọ. Sumio Iijima, onímọ̀ sáyẹ́ǹsì ọmọ Japan, ṣàlàyé nípa àwọn ọ̀pá tín-ín-tìn-tín oníhò tí ojú lásán kò lè rí, tí wọ́n ń pè ní carbon nanotube. Èròjà carbon tó wà nínú èédú náà ló wà nínú wọn, ṣùgbọ́n bí àwọn átọ́ọ̀mù rẹ̀ ṣe so kọ́ra fún wọn ní agbára tí irin kò ní láéláé. Lórí ìwé, okùn tí wọ́n bá fi wọ́n hun lè ṣe iṣẹ́ náà láìsanra púpọ̀ láàárín. Ní ọdún 2018, àwọn olùwádìí ní Yunifásítì Tsinghua ní ilẹ̀ Ṣáínà di ìdì nanotube kan tí agbára rẹ̀ súnmọ́ ohun tí okùn òfurufú ń béèrè. Síbẹ̀, sẹ̀ǹtímítà mélòó kan péré ni gígùn rẹ̀. Èyí tó gùn jù tí wọ́n ti ṣe níbẹ̀, ní ọdún 2013, jẹ́ nǹkan bí ìdajì mítà. Láti ìdajì mítà dé kìlómítà 96,000, ọ̀nà jìn. Bí átọ́ọ̀mù díẹ̀ bá sì ṣì àyè rẹ̀, agbára òwú náà yóò dínkù gidigidi, ibi tí okùn bá sì ti rẹlẹ̀ jù ló ti ń já.

Ewu mìíràn kò sì gbẹ́yìn. Gbogbo sátẹ́láìtì tó bá ń yí ayé po ló gbọ́dọ̀ kọjá lórí ìlà agbedeméjì ayé, ibẹ̀ ni okùn náà yóò sì dúró sí. Èyí túmọ̀ sí pé bó pẹ́ bó yá, sátẹ́láìtì tàbí àfọ́kù rẹ̀ yóò wá kọlu okùn, àyàfi bí wọ́n bá ń yẹ̀ ẹ́ fún wọn. Àrá àti ìjì tún wà nísàlẹ̀. Bí ọkọ̀ bá sì ń gòkè ní kìlómítà 200 ní wákàtí kan, yóò lo ju ọjọ́ méje lọ kó tó dé kìlómítà 35,786, àwọn èrò inú rẹ̀ yóò sì pẹ́ nínú ìtànṣán olóró tó yí ayé ká.

Ẹnìkan lè béèrè pé kí ló dé tí wọn kò fi iṣẹ́ yìí sílẹ̀. Ìnáwó rọ́kẹ́ẹ̀tì ló fà á. Rọ́kẹ́ẹ̀tì Falcon 9 wúwo tó nǹkan bíi tọ́ọ̀nù 549 nígbà tó bá gbéra. Ẹrù tó lè gbé dé ìtòsí ayé kò ju tọ́ọ̀nù 23 lọ. Epo tí yóò jó dànù ló kó ìyókù ìwúwo náà fẹ́rẹ̀ẹ́ tán. Òótọ́ ni pé láti ọdún 2015 ni ilé-iṣẹ́ tó ni ín ti ń mú apá ìsàlẹ̀ rẹ̀ balẹ̀ padà, èyí tó ń dín owó kù, tó sì ń gba ọ̀rọ̀ lẹ́nu àwọn alátìlẹ́yìn okùn. Ṣùgbọ́n ibi pẹlẹbẹ ni a ti ń mú ọ̀ọ̀lẹ̀ jẹ. Ní ọdún 2018, Yunifásítì Shizuoka ní Japan fi àpótí kékeré méjì ránṣẹ́ sí òfurufú láti dán ìrìn orí okùn tín-ínrín wò. Ní ọdún 2019 sì ni Zephyr Penoyre àti Emily Sandford fi ìṣirò hàn pé bí wọ́n bá so okùn mọ́ òṣùpá dípò ayé, òwú tó ti wà lọ́jà lónìí tó o ṣe.

Nítorí náà, ó yẹ kí a mọ ìyàtọ̀ láàárín “kò lè ṣeé ṣe” àti “ọwọ́ kò tíì tó o”. Òfin ìṣẹ̀dá ló ń sọ ti àkọ́kọ́, iṣẹ́ ọwọ́ èèyàn ló ń sọ ti èkejì. Okùn òfurufú wà ní abẹ́ èkejì. Ọdún 2050 lè má tó o. Ó tilẹ̀ ṣòro láti gbà pé yóò tó o.

Ọ̀rọ̀ kan ṣì kù tí kò nílò nanotube, tó sì kan Áfíríkà tààrà. Ìlà agbedeméjì ayé ni ibi tó dára jù láti so ìdí okùn náà mọ́, ìlà ọ̀hún sì gba Gabon, Congo, Uganda àti Kenya kọjá. Ní ọdún 1976, orílẹ̀-èdè mẹ́jọ tó wà lórí ìlà náà, pẹ̀lú Congo, Zaire, Uganda àti Kenya, kéde ní ìlú Bogotá pé àwọn ló ni ojú òfurufú tó wà ní kìlómítà 35,786 lókè ilẹ̀ àwọn. Ayé kò gbà fún wọn, nítorí àdéhùn ọdún 1967 ti sọ pé orílẹ̀-èdè kankan kò gbọ́dọ̀ sọ òfurufú di tirẹ̀. Ní ọdún 1970, láti etíkun Kenya ni sátẹ́láìtì kan ti gbéra. Àwọn ará Ítálì ló ta á sókè, Amẹ́ríkà ló ni rọ́kẹ́ẹ̀tì àti sátẹ́láìtì. Ohun tó jẹ́ ti Kenya níbẹ̀ ni omi òkun àti orúkọ tí wọ́n fún sátẹ́láìtì náà: Uhuru, tó túmọ̀ sí òmìnira.

Bí okùn náà bá dé lọ́jọ́ kan, ìdí rẹ̀ lè wà nínú omi Áfíríkà. Àwọn tó bá ti mọ bí wọ́n ṣe ń hun òwú rẹ̀, tí wọ́n sì ti mọ òfin tó dè é, ni yóò máa gba owó ẹnu ọ̀nà. Ìṣirò rẹ̀ kò ju ohun tí akẹ́kọ̀ọ́ físíìsì ní yunifásítì lè ṣe lọ. Ibẹ̀ ló yẹ kí iṣẹ́ ti bẹ̀rẹ̀, kí ìdákọ̀ró tó balẹ̀.