Ogún Tí Àwọn Obìnrin Abẹ́òkúta Fi Sílẹ̀

Bí ẹnikẹ́ni bá dárúkọ ìjà àwọn obìnrin Abẹ́òkúta, ohun tí à ń rántí ni pé wọ́n lé ọba. Òótọ́ ni: Alákè Adémọ́lá Kejì fi ìlú sílẹ̀ ní 1948, ó sì gbé adé sílẹ̀ ní ìbẹ̀rẹ̀ 1949. Ṣùgbọ́n ọba náà padà sórí ìtẹ́ ní 1950. Lójú tèmi, ogún wọn ju lílé ọba lọ.

Owó orí ló dá ìjà náà sílẹ̀: láti 1918 ni ìjọba ti ń gbà á lọ́wọ́ obìnrin ní ilẹ̀ Ẹ̀gbá. Ọmọ ọdún 15 ni ọmọbìnrin ń bẹ̀rẹ̀ sí í san án, ọkùnrin di 16. Àwọn agbowó-orí a máa tú aṣọ lára ọmọge láti wò ó bóyá ó ti dàgbà tó. Síbẹ̀, àwọn obìnrin tó ń san owó yìí kò ní aṣojú kankan nínú ìgbìmọ̀ ìlú.

Bí wọ́n ṣe múra ìjà ló wú mi lórí jù. Ẹgbẹ́ àwọn obìnrin tó kàwé ni Fúnmiláyọ̀ Ransome-Kuti, tó jẹ́ olùkọ́, kọ́kọ́ dá sílẹ̀. Nígbà tó yá, ó ṣílẹ̀kùn fún àwọn ìyá ọjà, wọ́n ń kọ́ wọn ní mọ̀ọ́kọ-mọ̀ọ́kà, wọ́n sì ń gbọ́ ẹjọ́ ẹnu wọn. Ní 1946, ẹgbẹ́ náà di ti gbogbo obìnrin Abẹ́òkúta. Olùkọ́ náà bọ́ gáùn sílẹ̀, ó ró ìró, ó wọ bùbá. Yorùbá ló fi ń bá àwọn aláṣẹ òyìnbó sọ̀rọ̀, kí ìyá aláta lè gbọ́ ohun tí wọ́n ń sọ nípa owó rẹ̀. Nígbà tí ẹgbẹẹgbẹ̀rún obìnrin fi wá ṣàìsùn níwájú ààfin ní òpin 1947, ohùn wọn ti ṣọ̀kan tipẹ́. Ìjọba dá owó orí obìnrin dúró, obìnrin sì wọ ìgbìmọ̀ ìlú.

Wọlé Ṣóyínká kọ ìtàn yìí sínú ìwé rẹ̀, *Aké*. Wọ́n sì ti ṣe é ní sinimá. Inú mi dùn sí i, ṣùgbọ́n ìrántí nìkan kò tó. Àwọn ìyá wa ṣì ń san owó ọjà lónìí láìmọ ibi tí ó ń wọlé sí, àwa tí a kàwé sì ń pariwo lórí íntánẹ́ẹ̀tì ní èdè tí ọ̀pọ̀ nínú wọn kò gbọ́. Ẹ jẹ́ kí a lọ bá wọn nínú ìsọ̀ wọn, kí a jọ béèrè ìṣirò owó náà lọ́wọ́ ìjọba ìbílẹ̀, ní Yorùbá. Ẹni tó bá ṣe bẹ́ẹ̀ ló jogún wọn.