Àálè Lára Èèyàn

Nínú gbogbo àrùn tí kò sí nínú ìwé dókítà, kò sí èyí tá a mọ̀ tó magùn. Kò sẹ́ni tó rí kòkòrò rẹ̀ rí, kò sì sí abẹ́rẹ́ tó ń dènà rẹ̀. Síbẹ̀, ẹ bi ọmọ ọdún 12 ní Mọ́níyà tàbí Lálúpọn, á ka àmì rẹ̀ fún yín bí ẹni ń ka a-b-d. Ọkọ á fi òwú tàbí ẹyọ ìgbálẹ̀ kan sí ẹnu ọ̀nà. Ìyàwó á ré e kọjá, kò ní mọ nǹkan kan. Ọkùnrin mìíràn tó bá bá a sùn á ta òkìtì lẹ́ẹ̀mẹ́ta, tàbí kó kọ bí àkùkọ, tàbí kó ní kí wọ́n fún òun lómi, kó mu ún tán, kó kú.

Bóyá ó wà tàbí kò sí, mi ò fẹ́ bá ẹnikẹ́ni jà lé e lórí. Orúkọ rẹ̀ ni mo fẹ́ ká jọ wò, àwa tá a ń ka Yorùbá. Má gùn. Gbólóhùn àṣẹ ni, ó ní ìyísódì nínú, a wá sọ ọ́ di ọ̀rọ̀-orúkọ. Òun nìkan kọ́ ló ṣe bẹ́ẹ̀. Ẹ wo orúkọ àbíkú: Málọmọ́, Dúrójayé, Dúrósinmí. Àṣẹ ni àwọn náà, ṣùgbọ́n ọmọ gan-an ni wọ́n ń pa á fún. Wọ́n ń bá a sọ̀rọ̀, wọ́n ń bẹ̀ ẹ́. Lónìí a mọ̀ pé àìsàn fòníkú-fọ̀ladìde ló ń pa àwọn kan nínú wọn, àmọ́ ẹnikẹ́ni tó sọ ọmọ ní Málọmọ́ mọ̀ pé ọmọ yẹn ní etí.

Ta ni wọ́n ń pàṣẹ fún nínú magùn? Ọkùnrin àjèjì ni. Ọkọ ń bá ọkùnrin bíi tirẹ̀ sọ̀rọ̀. Ẹ sì rántí pé ọ̀rọ̀-ìṣe yẹn máa ń gba àbọ̀: èèyàn á gun igi, á gun ẹṣin, á gun òkè. Nínú magùn, wọn ò dárúkọ àbọ̀ rárá. Obìnrin ni àbọ̀ náà. Wọ́n ti yọ ọ́ kúrò nínú gbólóhùn kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀.

Ẹni tó bá ti gba ọ̀nà oko rí ní Akínyẹlé tàbí Ọ̀nà-Àrà mọ irú ọ̀rọ̀ báyìí. Ẹnì kan á ṣẹ́gi jọ sẹ́bàá ọ̀nà, kò tíì rí ẹni bá a rù ú délé. Á fi ìkarahun ìgbín kọ́ ọ lórí, tàbí àkísà pupa, tàbí bàtà tó ti já. Àálè nìyẹn. Olè rí i, ó kọjá lọ. Igi ò sọ pé òun fẹ́ tàbí òun ò fẹ́, torí kò sẹ́ni tó ń bi igi léèrè. Lójú tèmi, àálè ni magùn, àfi pé èèyàn ni wọ́n fi lé.

Ní abúlé ìyá ìyá mi, lápá Lágelú, obìnrin kan wà tó máa ń dúró lẹ́nu ọ̀nà láràárọ̀ kó tó jáde. Á wo ilẹ̀, á fi ẹsẹ̀ gbá erùpẹ̀ díẹ̀, kó tó gbé ẹsẹ̀ kejì síta. Gààrì ló ń tà. Lọ́jọ́ kan mọ́tò bàjẹ́ sọ́nà, ilẹ̀ ṣú, ó sùn sílé ẹ̀gbọ́n rẹ̀. Nígbà tó dé, ọkọ rẹ̀ sọ ọ́ ní gbangba pé òun ti ṣe ohun tí òun máa ṣe. Ó tán. Kò sẹ́ni tó rí òwú, kò sẹ́ni tó rí ìgbálẹ̀. Láti ọjọ́ náà, ọkùnrin tó máa ń bá a gbé àpò gààrì sínú mọ́tò ò fọwọ́ kàn án mọ́. Awakọ̀ ò jẹ́ kó jókòó níwájú. Bí orí bá fọ́ ọ, àwọn aládùúgbò á wojú ara wọn, torí wọ́n ní magùn tó bá pẹ́ lára obìnrin, òun fúnra rẹ̀ ló máa pa.

Mo bi ìyá àgbà pé, "Ìyá, ṣé lóòótọ́ ló wà lára wọn?"

Wọ́n ní, "Èmi ò mọ̀ o, ọmọ mi. Ṣé ẹnì kan tiẹ̀ ti bi òun fúnra ẹ̀ léèrè ibi tó sùn?"

Magùn ò pa obìnrin yẹn. Ọjà rẹ̀ ló kú, ó sì kó ẹrù rẹ̀ kúrò lábúlé.

Ọ̀pọ̀ nínú yín ti wo Thunderbolt: Magùn, fíìmù tí Túndé Kèlání gbé jáde ní 2001 látinú ìtàn Adébáyọ̀ Fálétí. Yínká gbọ́ òfófó nípa Ngozi ìyàwó rẹ̀, ọmọ Igbo, ó sì fi magùn sí i lára. Dókítà kan tí kò gbà gbọ́ bá a sùn, díẹ̀ ló kù kó kú, àwọn oníṣègùn ìbílẹ̀ ló gbà á sílẹ̀. Níbikíbi tá a bá ti wò ó, lórí dókítà yìí ni àríyànjiyàn máa ń dá lé. Ẹnì kan á ní ó ṣeé ṣe. Ẹlòmíì á ní ọkàn lè dáṣẹ́ sílẹ̀ lójijì lórí ibùsùn, pàápàá lára ẹni tó ní ẹ̀jẹ̀ ríru tí kò mọ̀. Ó dáa bẹ́ẹ̀. Àmọ́ Ngozi ń kọ́? Ẹni tí kò ṣe nǹkan kan, tí wọ́n wá ń ka ọjọ́ ikú fún?

Nínú họ́sítẹ́ẹ̀lì wa náà, bí ọ̀rẹ́ ẹni bá fẹ́ràn ọmọge kan tí alhaji kan ń ná owó lé lórí, ohun tá a máa ń sọ ni pé, "Bọ̀bọ́, rọra o, kí wọ́n má lọ fi magùn sí i." A máa rẹ́rìn-ín. A ò kí ń bi ọmọge ọ̀hún bóyá ẹ̀rù ń bà á, bóyá òun náà ń wo ilẹ̀ kó tó jáde ní yàrá rẹ̀.

Bí magùn bá wà, obìnrin ló kọ́kọ́ kó o. Bí kò bá sì sí, obìnrin náà ló ṣì ń ṣàìsàn rẹ̀.