Ogún Tí A Kò Pín, Ẹjọ́ Tí Kò Parí

Nínú Ìhìnrere Lúùkù, orí 12, ọkùnrin kan bẹ Jésù pé kó sọ fún arákùnrin òun kó pín ogún fún òun. Olúwa wa kọ̀ láti ṣe adájọ́ wọn. Ó kìlọ̀ fún gbogbo wọn nípa ojúkòkòrò. Ọ̀rọ̀ náà kò tíì gbó láàrin wa.

Nítorí pé mo gbọ́ Faransé, àwọn ará ìjọ a máa mú ìwé ilé ẹjọ́ wá fún mi kí n kà á. Ọ̀rọ̀ tí mo ń rí níbẹ̀ jù ni "renvoi": wọ́n tún ti sún ẹjọ́ síwájú. Opó kan ń gba irú ìwé bẹ́ẹ̀ títí ọmọ tó pọ̀n wá nígbà àkọ́kọ́ fi wọ ilé-ìwé. Ní gbogbo ọdún wọ̀nyẹn, dáwódù ilé ló ń gba owó lọ́wọ́ àwọn ayálégbé.

Adájọ́ nìkan kọ́ ló ń fa ìdádúró. Àwa náà ń fà á. Ọmọ kan kò ní ìwé ìbí, òmíràn wà ní ìlú òkèèrè, kò sì sí ẹni tó kọ orúkọ àwọn ọmọ olóògbé sílẹ̀. Bí ìdájọ́ bá wá jáde tán, ẹni tó jẹ̀bi á pe appel. Ará Kétu tó ti ń ná owó ọkọ̀ lọ sí Pobè yóò tún máa ná an lọ sí Kutọnu.

Appel kì í ṣe ẹ̀ṣẹ̀. Ènìyàn ni adájọ́, ó lè ṣì í. Ṣùgbọ́n ẹni tó pe appel kí ó lè rẹ àbúrò rẹ̀, kí owó ilé sì máa wọ àpò òun nìkan, olè ló ń jà.

Òfin ìdílé ti ọdún 2004 fún ọmọkùnrin àti ọmọbìnrin ní ìpín kan náà. Ní ọdún 2022, ìjọba dá ilé ẹjọ́ pàtàkì sílẹ̀ fún ọ̀rọ̀ ilẹ̀, kí irú ẹjọ́ bẹ́ẹ̀ lè yára. Kutọnu, Pọ́tò-Nóvò àti àwọn ìlú kan ni wọ́n fi bẹ̀rẹ̀. Ó dára. Síbẹ̀, ilé ẹjọ́ tó yára kò lè bá wa wá ìwé ìbí tí a kò gbà.

Nítorí náà, ẹ̀yin baba, ẹ gba ìwé ìbí gbogbo ọmọ yín nígbà tí ẹ wà láàyè. Lẹ́yìn ìsìnkú, ẹ pe ìpàdé ẹbí, kí àwọn opó àti àwọn ọmọbìnrin wà níbẹ̀, kí ẹ sì kọ àdéhùn yín sílẹ̀ lọ́dọ̀ notaire. Bí ẹjọ́ bá ti bẹ̀rẹ̀, ẹ bẹ adájọ́ kó yan ẹni tí yóò máa tọ́jú owó ilé títí yóò fi parí. Nígbà tí ìdádúró kò bá mú èrè wá fún ẹnikẹ́ni mọ́, ẹjọ́ á yára.

Àwọn àgbà ní a kì í ti ilé ẹjọ́ bọ̀ ká ṣọ̀rẹ́. Òótọ́ ni. Ṣùgbọ́n kí a má fi òwe yìí pa opó lẹ́nu mọ́. Opó inú Lúùkù, orí 18, kò yé lọ bá adájọ́, Jésù kò sì bá a wí. Ẹni tó ń dá jẹ owó ilé gbogbo ẹbí ni kó bi ọkàn rẹ̀ léèrè, kó tó wá gba Ara Krístì.