Yàrá Abẹ́ Àtẹ̀gùn

Ní ilé-ìwé tí mo ti ń ṣiṣẹ́ ìmọ́tótó ní Peckham, nílùú Lọ́ńdọ̀nù, yàrá kékeré kan wà lábẹ́ àtẹ̀gùn. Mọ́ọ̀pù, korobá, ọṣẹ olómi àti àga kan tí ẹ̀yìn rẹ̀ ti kán ló wà níbẹ̀. Ojoojúmọ́ làwọn ọmọ ń gba iwájú ilẹ̀kùn rẹ̀ kọjá, wọn ò mọ̀ pé yàrá ni.

Tíṣà ni mí n'Íbàdàn fún ọdún 14 kí n tó wá síbí. Ẹ̀yin tí sátífíkéètì yín ń sùn nínú àpótí nílùú òyìnbó, ẹ mọ ohun tí mò ń wí.

Nígbà tí ọmọ mi obìnrin wọ ilé-ìwé yìí ní oṣù Kẹsàn-án, ọmọ ọdún 11 ni. Èmi fúnra mi ni mo sọ fún un pé, "Tó o bá rí mi lọ́ọ̀dẹ̀dẹ̀, má kí mi o. Máa lọ ní tìẹ." Mo rò pé mò ń gbà á lọ́wọ́ ìtìjú ni. Mo mọ ẹnu àwọn ọmọdé.

Ó gbọ́ràn. Oṣù méjì gbáko, tóun àtàwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ bá ń bọ̀, á rọra gba ẹ̀gbẹ́ ògiri kọjá kó má baà tẹ ibi tí mo ṣẹ̀ṣẹ̀ nù. Èmi náà á tẹjú mọ́ mọ́ọ̀pù. Tá a bá délé, kò sẹ́ni tó ń sọ ọ́.

Lọ́jọ́ kan ní ìparí oṣù Kọkànlá, ilẹ̀ ti ṣú ní aago mẹ́rin ààbọ̀. Mò ń bọ́ ìbọ̀wọ́ rọ́bà lábẹ́ àtẹ̀gùn ni mo gbọ́ kò, kò, kò. Òun ni. Ó wọlé, ó ti ilẹ̀kùn, ó da korobá òfìfo dojú bolẹ̀, ó jókòó lé e.

Mo ní, "Ṣé kò sẹ́ni tó rí ẹ?"

Kò dáhùn. Ó dá bísíkíìtì ọwọ́ rẹ̀ sí méjì, ó fún mi ní ìdajì. Ló bá béèrè, ní Yorùbá rẹ̀ tó máa ń kọsẹ̀ yẹn: "Mọ́mì, kí ni mo ṣe tí ẹ ò fẹ́ kí wọ́n mọ̀ pé ọmọ yín ni mí?"

Bísíkíìtì há mi lọ́fun. Àṣé èmi ni mò ń tijú, tí mo wá gbé e kọ́ ọmọ lọ́rùn. Mo bẹ̀ ẹ́.

Lọ́jọ́ kejì, bí mo ṣe rí i tó ń bọ̀ láàárín àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀, mo pè é lóríkì: "Àbẹ̀kẹ́!" Gbogbo wọn yíjú. Ó wá bá mi, ó tẹ orúnkún díẹ̀, ó ní, "Ẹ kú iṣẹ́ o, Mọ́mì."

Àárín ilẹ̀ tútù mi gan-an ló dúró sí. Mi ò bá a wí.