Orlando Martins, Ọmọ Èkó Inú Fíìmù Òyìnbó

Nígbà èwe wa ní Ìsọlọ̀, ẹsẹ̀ la fi ń rìn dé Òṣòdì, kí a tó wọ ọkọ̀ ojú irin, kí a gba Ìkẹjà kọjá, kí a sọ̀ ní Agége, nítorí sinimá. Fíìmù Íńdíà àti ti kọ́bọ́ì la fẹ́ràn jù. Ẹni tó bá yára yọ ìbọn ni ákítọ̀, ọ̀tá rẹ̀ ni bọ́ọ̀sì. Àwọn tó kù, a kì í kà wọ́n sí ènìyàn.

Bàbá kan ládùúgbò wa ló là wá lójú. Ó ti ja ogun Hitler ní Bọ́mà. Nígbà tó dé, ibi tí wọ́n ti ń kọ́ sójà níṣẹ́ ọwọ́ ní Òṣòdì ló ti kọ́ iṣẹ́ káfíńtà. Ó ní ọmọ Èkó kan wà nínú fíìmù òyìnbó, kì í ṣe ákítọ̀, kì í ṣe bọ́ọ̀sì, ṣùgbọ́n bó bá ti yọjú, òun ni gbogbo ènìyàn ń wò.

Orlando Martins ni. Èkó ni wọ́n bí i sí ní 1899, ọmọ Àgùdà láti ìdílé bàbá rẹ̀. Ó tẹkọ̀ létí lọ sí Lọ́ńdọ̀nù, ó sì jìjàkadì fówó níbẹ̀ kó tó rí ẹsẹ̀ gbé sórí ìtàgé. Ní 1935, ó wà pẹ̀lú Paul Robeson, akọrin àti òṣèré aláwọ̀ dúdú ọmọ Amẹ́ríkà, nínú Sanders of the River, tí wọ́n kọ́ abúlé Áfíríkà fún nítòsí Lọ́ńdọ̀nù. Jomo Kenyatta, tó padà di ààrẹ Kenya, pàápàá wà láàárín èrò ibẹ̀! Robeson kábàámọ̀ fíìmù yẹn lẹ́yìn náà, nítorí ó gbé ìjọba amúnisìn ga. Robeson ti lókìkí, ó lè kọ iṣẹ́ sílẹ̀. Ta ni Martins fẹ́ kọ̀ fún? Babaláwo ni nínú Men of Two Worlds ní 1946, olórí àwọn òṣìṣẹ́ ni nínú Simba ní 1955. Báyìí báyìí ni wọ́n ń fún un.

The Hasty Heart, ti 1949, ni bàbá wa ń sọ ṣáá. Ilé ìwòsàn àwọn sójà ní Bọ́mà ni ìtàn náà ti ṣẹlẹ̀. Ọmọ Scotland kan ń kú lọ, òun nìkan ni kò mọ̀. Ronald Reagan, tó padà di ààrẹ Amẹ́ríkà, wà lára àwọn aláìsàn yòókù. Martins ni sójà Áfíríkà tí wọ́n ń pè ní Blossom. Kò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì. Orúkọ yẹn nìkan ló ń ti ẹnu rẹ̀ jáde. Ó fún ọmọ Scotland náà ní ìlẹ̀kẹ̀, onítọ̀hún sì kọ̀ ọ́.

Inú a máa bí bàbá. “A sọ̀rọ̀ ní Bọ́mà o! A sọ Gẹ̀ẹ́sì, a sọ Haúsá, a sì fi Yorùbá bú ọ̀gá wa níṣojú rẹ̀!” Ṣùgbọ́n bó bá ti ń ṣàpèjúwe bí Martins ṣe na ìlẹ̀kẹ̀ yẹn sí aláìsàn náà, ohùn rẹ̀ á yí padà. Lójú tèmi, ibẹ̀ ni iṣẹ́ ọkùnrin náà wà. Wọ́n gba ọ̀rọ̀ lẹ́nu rẹ̀, ó fi ojú àti èjìká sọ ọ́. Ẹni tó sì ní ohùn ńlá bẹ́ẹ̀!

Ó padà wálé nígbẹ̀yìn, Èkó náà ló sì kú sí ní 1985. Kó tó kú, ó ṣeré nínú Kongi's Harvest ní 1970, níbi tí Wọlé Ṣóyínká fúnra rẹ̀ ti ṣe Kongi. Lẹ́yìn ìyẹn ni ọmọ Jámánì kan, Hansjürgen Pohland, fi ìwé Chinua Achebe ṣe fíìmù, Martins sì ṣe Obierika, ọ̀rẹ́ Okonkwo tí ìtàn náà dá lé lórí; Obierika ni ẹni tó máa ń ronú kó tó sọ̀rọ̀. Mo sáré lọ sọ fún bàbá.

Ó ní, “Ó di ìgbà tó lé ní 70 ọdún kí wọ́n tó jẹ́ kó sọ̀rọ̀?”

Mo ní, “Bàbá, ó ti sọ̀rọ̀ nínú fíìmù mìíràn rí o.” Kò dá mi lóhùn, pákó rẹ̀ ló ń rẹ́ lọ.