Ilẹ̀ Balùwẹ̀ Tí À Ń Tẹ̀ Lójoojúmọ́

Ọjọ́ Àìkú kan nínú oṣù Kẹfà ni ìyá ọkọ mi ṣubú ní balùwẹ̀ wa. Òjò ti ń rọ̀ láti òru, bó ṣe máa ń rọ̀ ní Abidjan lásìkò yẹn. Mo wà nídìí ààrò, mò ń ro ọkà lọ́wọ́, ni mo gbọ́ gbì! Kí n tó débẹ̀, àbígbẹ̀yìn mi ti ń ké pé, "Màmá àgbà ti ṣubú o!" Mo bá wọn nílẹ̀, wọ́n di etí ike omi mú. Ọlọ́run yọ wọ́n, egungun kankan ò ṣẹ́, ṣùgbọ́n ọrùn ọwọ́ wọn wú, itan wọn sì bó. Mo ní, "Ẹ kú ewu, Màmá. Ẹ pẹ̀lẹ́, mà." Wọ́n rẹ́rìn-ín díẹ̀, wọ́n ní, "Ìyàwó mi, láti ọjọ́ tí mo ti dé ni ilẹ̀ yín yìí ti ń dọdẹ mi."

Ọ̀rọ̀ yẹn dùn mí, nítorí òótọ́ ni. Ó ti tó ọdún 3 tí táìlì méjì lẹ́bàá ihò omi ti ń mì bí eyín arúgbó. Bí a bá tẹ ọ̀kan, omi dúdú á yọ létí rẹ̀. A kì í tẹ̀ ẹ́, a máa ń rékọjá rẹ̀ ni. Àwọn ọmọ pàápàá ti mọ ibi tí wọ́n ń gbé ẹsẹ̀ sí. Màmá ni kò mọ̀, nítorí wọn ò tíì lò ju oṣù méjì lọ tí wọ́n ti Èjìgbò dé.

Kí ló dé tí a ò tún un ṣe? Ẹ̀yin tí ẹ wà ní àjò bíi tiwa ti mọ ìdáhùn. Àwa ọmọ Èjìgbò, ní Ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun, pọ̀ ní Abidjan. Ànàgó ni wọ́n ń pè wá níbí. Àwọn ọmọ wa ń sọ Faransé níléèwé, wọ́n ń sọ Júlà lọ́jà, wọ́n ń sọ Yorùbá nílé. Ṣùgbọ́n ilé tí à ń gbé ní Treichville, owó la fi ń gbé e lóṣooṣù. Ilé tiwa wà ní Èjìgbò, à ń kọ́ ọ díẹ̀díẹ̀. Lọ́dún tó kọjá la lẹ táìlì sí balùwẹ̀ rẹ̀ méjèèjì, táìlì funfun tó ń dán. Nígbà tí wọ́n fi àwòrán rẹ̀ ránṣẹ́ sí wa lórí WhatsApp, gbogbo wa ló yọ̀. Kò tíì sí ẹni tó wẹ̀ níbẹ̀ rí. Balùwẹ̀ tí ẹnikẹ́ni ò lò ń dán bíi dígí, èyí tí èèyàn méje ń lò lójoojúmọ́ ń jẹrà.

Lálẹ́ ọjọ́ náà, èmi àti bàbá àwọn ọmọ jókòó. Owó kan wà nílẹ̀ tí a fẹ́ fi ra ilẹ̀kùn fún ilé Èjìgbò. Mo ní ká fi tún balùwẹ̀ ṣe. Wọ́n ní, "Ilé onílé ni ká wá máa náwó sí? Àjò ò dà bí ilé." Mo ní, "Lóòótọ́ ni, àjò ò dà bí ilé. Ṣùgbọ́n àjò ni ìyá yín ti ṣubú." Wọn ò fèsì. Nígbà tílẹ̀ mọ́, wọ́n pe onílé. Ó gbà pé ká ṣe é, ká sì yọ ìdajì owó náà díẹ̀díẹ̀ nínú owó ilé, bí a bá ti fi ìwé ohun tí a rà hàn án. A kọ ọ́ sílẹ̀, tọ̀tún tòsì fọwọ́ sí i. Ẹ̀yin ayálégbé, ẹ má fi ẹnu lásán ṣe irú àdéhùn bẹ́ẹ̀.

Ọ̀gá onítáìlì tó kọ́kọ́ wá ò lò ju ìṣẹ́jú márùn-ún lọ. Ó ní òun á lẹ tuntun lé ti àtijọ́ lórí, ọjọ́ kan péré. Owó rẹ̀ ò pọ̀, ó sì fẹ́ẹ̀ wọ̀ wá lójú. Ọ̀gá kejì, àgbàlagbà kan, kò tíì sọ̀rọ̀ owó tó fi kúnlẹ̀. Ó mú owó ẹyọ kan jáde lápò, ó ń fi lu táìlì lọ́kọ̀ọ̀kan. Àwọn mìíràn ń dún kì, kì. Ọ̀pọ̀ ń dún kò, kò, bí igbá òfìfo. Ó sọ fún mi ní Júlà pé, "Tántì, èyí tó ń dún bí òfìfo ti kúrò lára ilẹ̀. Bí ẹ bá lẹ tuntun lé e, ẹ kàn fi aṣọ bo egbò ni."

Ọjọ́ méjì ni wọ́n fi hú gbogbo rẹ̀, aṣọ ni wọ́n fi bo imú nítorí eruku. Ohun tí a rí lábẹ́ rẹ̀ yà mí lẹ́nu. Sìmẹ́ǹtì ti rọ̀, yanrìn tútù ló kù. Ojú ibi tí páìpù ti pàdé ihò omi ti là, abẹ́ ilẹ̀ ni omi ìwẹ̀ wa ń lọ. Èyí tó burú jù ni pé apá ẹnu ọ̀nà ni ilẹ̀ náà dà sí, kò dà sí ojú ihò. Gbogbo ìgbà tí mo ń bá àwọn ọmọ jà pé wọn kì í gbá omi lẹ́yìn ìwẹ̀, ilẹ̀ ló jẹ̀bi.

Ọ̀gá pààrọ̀ páìpù, ó da ilẹ̀ tuntun, ó sì jẹ́ kó rẹlẹ̀ díẹ̀ sápá ihò omi, bíi sẹ̀ǹtímítà 2 lórí mítà kan. Lẹ́yìn náà ló ní ká fi sílẹ̀ fún ọjọ́ 7 kó le dáadáa. Ibí ni sùúrù ti fẹ́ tán. Ìyá Báwúlé kan nínú àgbàlá wa yọ̀ǹda balùwẹ̀ wọn, a ń tò síbẹ̀ láàárọ̀ pẹ̀lú korobá. Inú yàrá ni mo ti ń fi omi gbígbóná nu Màmá lára. Ọkọ mi bẹ ọ̀gá pé kó yára. Ó ní, "Bí mo bá yára, ẹ ó tún pè mí."

Nígbà tí ilẹ̀ gbẹ, ó kun ọ̀dà tí kì í jẹ́ kí omi gbà kọjá, ó kùn ún gun ara ògiri pẹ̀lú. Ó dí ihò, ó da omi kún ilẹ̀, ó fi pẹ́ńsù sàmì sí ibi tí omi dé. Lọ́jọ́ kejì, omi ò kúrò lójú àmì. Ìgbà yẹn ló tó ní ká lọ ra táìlì.

Ní ṣọ́ọ̀bù, funfun tó ń dán bíi ti Èjìgbò ni ojú mi lọ sí. Ọ̀gá da omi díẹ̀ sí i, ó ní kí n fi àtàǹpàkò tẹ̀ ẹ́. Ó ń yọ̀ bí ilá. Ó tún da omi sí èyí tí ara rẹ̀ ṣe hàràhàrà, ọwọ́ mi dúró lórí rẹ̀. Kékeré la rà, nítorí kékeré rọrùn láti tẹ̀lé bí ilẹ̀ ṣe dà, àlàfo àárín wọn sì ń jẹ́ kí ẹsẹ̀ rí nǹkan dì mú.

Nígbà tí ó ń lẹ̀ ẹ́, Màmá gbé àga sẹ́nu ọ̀nà, wọ́n ń wò ó. Wọ́n ní, "Iṣẹ́ Lúwòó rèé." Ìtàn sọ pé Lúwòó, obìnrin tó jẹ Ọọ̀ni, ló ní kí wọ́n fi àpáàdì tẹ́ ilẹ̀ Ilé-Ifẹ̀ kí ẹrẹ̀ má baà kan ẹsẹ̀ òun. Àwọn tó ń wa ilẹ̀ wò ti rí irú ilẹ̀ bẹ́ẹ̀ níbẹ̀, àpáàdì tí wọ́n to ní ìnàró, tó ti lé ní ọdún 500. Ẹsẹ̀ èèyàn ni wọ́n rò kí wọ́n tó tẹ́ ẹ.

Lọ́jọ́ tí a kọ́kọ́ lò ó, Màmá ní kí n dúró síta. Mo gbọ́ omi, mo gbọ́ orin. Nígbà tí wọ́n jáde, wọ́n ní, "Kò dọdẹ mi mọ́."

Lálẹ́ ọjọ́ náà ni ọkọ mi pe bíríkìlà tó wà ní Èjìgbò. Wọ́n ní kó da omi sí táìlì funfun tiwa, kó bọ́ bàtà, kó rìn lórí rẹ̀. A gbọ́ ẹ̀rín rẹ̀ lórí fóònù: "Ẹ̀gbọ́n, mo fẹ́ẹ̀ lọ o!" Ilẹ̀kùn ṣì ń dúró. A ní láti kọ́kọ́ pààrọ̀ ilẹ̀ yẹn, nítorí Màmá ń padà sílé nínú oṣù Kejìlá.

Ẹ̀yin ìdílé, ẹ mú owó ẹyọ kan lálẹ́ òní, kí ẹ fi lu ilẹ̀ balùwẹ̀ yín. Bó bá dún bí igbá òfìfo, ẹ má fi ṣe àmúmọ́ra bíi tiwa, kí àgbà ilé má baà jẹ ẹ́ níyà.