Láti Ìbàdàn dé Orí Òkè Ìdànrè

Bí ẹ bá ti wọ ọkọ̀ èrò láti Ìbàdàn lọ sí Àkúrẹ́ rí, ẹ ó gbà pẹ̀lú mi pé ohun kan ṣoṣo tí ènìyàn ń rí lójú ọ̀nà náà ni ìpàkọ́ ẹni tí ó jókòó sí iwájú rẹ̀. Bí èmi ti ń rìn ín fún ọdún 11 nìyẹn. Awakọ̀ á máa sáré, èrò á máa sùn, ẹnì kan á máa polówó oògùn jẹ̀díjẹ̀dí, títí a ó fi gbọ́ pé, "Àkúrẹ́ rè é o!" Bẹ́ẹ̀ olùkọ́ ni mí, ìtàn ilẹ̀ Yorùbá sì wà lára ohun tí mo ń kọ́ àwọn ọmọ. Ní ọjọ́ kan tí mo ń sọ̀rọ̀ nípa Ọ̀pá Ọ̀rányàn, ọmọ kan nawọ́ sókè, ó ní, "Sà, ṣé ó ga ju òrùlé kíláàsì wa lọ?" Mo ní, "Ó ga gidigidi." Ọmọ náà wo òrùlé, ó wo ojú mi, ó sì jókòó. Mo mọ̀ pé ó ti mọ̀ pé n kò rí i rí.

Nítorí náà, nígbà tí ìyá mi sọ nínú oṣù Kejìlá pé òun fẹ́ dé Ìdànrè kí orúnkún òun tó kọ̀ fún òun pátápátá, inú mi dùn. Orí òkè Ìdànrè ni wọ́n bí ìyá tirẹ̀ sí. Ìyá àgbà náà tẹ̀lé ọkọ wá sí Ìbàdàn, ibẹ̀ ni ó gbé dàgbà, ibẹ̀ náà ni ó sì kú sí. Nígbà tí ó wà láàyè kò yéé wí fún ìyá mi pé, "Wá jẹ́ kí n mú ọ dé ilé wa lókè." Ìyá mi, tí ó jẹ́ aláṣọ, a sì máa dáhùn pé, "Ẹ jẹ́ kí ọjà ọdún yìí kọjá ná, Ìyá." Ọjà ọdún kò kọjá títí ìyá àgbà fi lọ.

Ẹ̀gbọ́n mi ni ó ni mọ́tò. Ẹ̀yà ara ọkọ̀ tòkunbọ̀ ni ó ń tà, ó sì gbà láti gbé wa lọ nítorí pé oníbàárà rẹ̀ kan tí ó jẹ ẹ́ ní gbèsè wà ní Àkúrẹ́. Ó ní, "Ṣùgbọ́n kí ẹ mọ̀ o, aago 12 ọ̀sán ni mo fẹ́ bá ọkùnrin yẹn ní ṣọ́ọ̀bù rẹ̀. N kò ní máa dúró kiri lọ́nà." Màmá kò fèsì. Ẹ̀yin tí ìyá yín jẹ́ ọlọ́jà mọ ohun tí irú ìdákẹ́ bẹ́ẹ̀ túmọ̀ sí.

Aago 6 òwúrọ̀ ni a gbéra. Mo gba ẹnikẹ́ni tí yóò bá rin irú ìrìn yìí níyànjú pé kí ó gbéra ní àkókò náà, nítorí pé kòtò ojú ọ̀nà Ìbàdàn sí Ifẹ̀ pọ̀, ó sì sàn kí ènìyàn bá wọn pàdé nígbà tí ọkọ̀ àjàgbé kò tíì pọ̀ lójú títì. Ní Aṣéjire, níbi tí wọ́n ti sé odò Ọ̀ṣun kí Ìbàdàn lè rí omi ẹ̀rọ mu, Màmá ní kí ẹ̀gbọ́n mi rọra. Ọyẹ́ bo ojú omi náà débi pé a kò rí òdì kejì. Ọ̀ṣun kan náà tí ó kọjá ní Òṣogbo ni. Mo ti kọ ọ́ sójú pátákó fún àwọn ọmọ láìmọye ìgbà, mo sì ti gorí afárá rẹ̀ kọjá láìmọye ìgbà, ojú oorun ni mo sì fi kọjá.

Ìkirè kò gbà wá ju ìṣẹ́jú 10 lọ. Àwọn obìnrin ti gbé dòdò wọn sẹ́bàá títì, dòdò Ìkirè dúdú yẹn, tí wọ́n ń fi ọ̀gẹ̀dẹ̀ àgbagbà tí ó ti pọ́n jù ṣe, tí wọ́n gún mọ́ ata àti iyọ̀ kí wọ́n tó dín in nínú epo pupa. Ẹ̀gbọ́n mi kò pa ẹ́ńjìnnì. Màmá ná ọjà láti ojú fèrèsé ọkọ̀, ó ná an títí obìnrin náà fi bú sẹ́rìn-ín tí ó sì fi ẹ̀ẹ̀nì sí i. Màmá di dòdò náà pọ̀, ó ní a kò gbọdọ̀ jẹ gbogbo rẹ̀ tán lọ́nà.

Nígbà tí a dé Ifẹ̀, ẹ̀gbọ́n mi fẹ́ gba ìta ìlú kọjá. Màmá ní, "Yà wọ̀lú." Ó ní, "Màmá, aago ń lọ o." Màmá ní, "Èmi náà ń lọ. Yà wọ̀lú." Bí mo ṣe dé ìdí Ọ̀pá Ọ̀rányàn nìyẹn.

Òkúta ni, kì í ṣe igi bí àwọn ọmọ mi ti rò. Ó gùn ní nǹkan bí ẹsẹ̀ bàtà 18, ó tẹ́ẹ́rẹ́ lọ sókè, ìṣó irin tí wọ́n kàn mọ́ ọn lára sì lé ní 100. Àwọn àgbà ní ọ̀pá ìjà Ọ̀rányàn ni, Ọ̀rányàn tí ó tẹ Ọ̀yọ́ dó, tí ó sì bí Ewéka tí ó jọba ní Ìbíní. Mo bẹ ẹ̀gbọ́n mi kí ó dúró tì í, ó sì ga o. Ènìyàn 3 bí irú rẹ̀ ni ó gbọ́dọ̀ gun ara wọn léjìká kí wọ́n tó dé orí rẹ̀. Ó ga ju òrùlé kíláàsì wa lọ dáadáa. Mo kọ ọ́ sínú ìwé mi fún ọmọ náà.

Láti ibẹ̀ a lọ sí mùsíọ́mù tí ó wà ní ẹ̀gbẹ́ ààfin Ọọ̀ni. Ẹ jẹ́ kí n sọ èyí fún àwọn tí ó ń kọ́lé nínú yín. Ní ọdún 1938, ìpìlẹ̀ ilé ni wọ́n ń gbẹ́ ní agbo ilé Wúnmọníjẹ̀, tí kò jìnnà sí ààfin, nígbà tí ọkọ́ kan orí ènìyàn tí wọ́n fi idẹ rọ nínú ilẹ̀. Bí wọ́n ti ń gbẹ́ ni wọ́n ń rí òmíràn. Àwọn tí ó kọ́kọ́ rí wọn lókè òkun kò fẹ́ gbà pé ọwọ́ àwọn baba wa ni ó rọ ohun tí ó dára tó bẹ́ẹ̀. Ọ̀kan nínú wọn wà ní mùsíọ́mù ńlá ti ìlú Lọ́ńdọ̀nù títí di òní. Màmá dúró níwájú ọ̀kan nínú àwọn ère orí tí a bá níbẹ̀, ó tẹjú mọ́ ọn pẹ́. Ó ní, "Ojú ẹni tí ó ti gbọ́ iye tí mo fẹ́ ta aṣọ nìyí, tí aṣọ náà sì wù ú, ṣùgbọ́n tí kò fẹ́ kí n mọ̀." Láti ìgbà náà mo ti ka ohun púpọ̀ nípa ère Ifẹ̀, n kò tíì rí ẹni tí ó sọ ọ́ tó bẹ́ẹ̀.

A kọjá Iléṣà. Nígbà tí a dé ibi tí wọ́n ti ń yà sí Ẹ̀rìn-Ìjẹ̀ṣà, níbi tí omi Olúmirìn ti ń já bọ́ láti orí àpáta ní ìpele 7, mo wo Màmá, Màmá wo ẹ̀gbọ́n mi. Ó ní, "Ẹ dákun, aago 11 ti lù!" Òótọ́ ni, a sì ti jẹ́ kí ó dúró púpọ̀. A kọjá. Nígbà tí a dé Àkúrẹ́, a bá ṣọ́ọ̀bù oníbàárà náà ní títì pa. Aládùúgbò rẹ̀ sọ fún wa pé ó ti wá sí Ìbàdàn láti àná. Ẹ̀gbọ́n mi dúró síwájú kọ́kọ́rọ́ náà bí ọmọ tí ó pẹ́ dé ilé ìwé. Màmá kò bá a wí, ó kàn ní, "À bá ti fi ẹsẹ̀ kan omi Ẹ̀rìn."

Àkúrẹ́ ni a sùn. Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kejì a rin nǹkan bí máìlì 15 dé Ìdànrè. Òórùn kòkó ni ó kọ́kọ́ pàdé wa, nítorí pé wọ́n ti sá a sí ojú ilé àti ẹ̀bá ọ̀nà. Lẹ́yìn náà ni ọyẹ́ ṣí díẹ̀, tí a sì rí i pé ohun tí a pè ní àwọsánmà láti ìgbà yìí, àpáta ni. Òkè yí ìlú ká bí ìgbà tí àwọn àgbà bá jókòó ti ọmọ tuntun. Orí wọn ni àwọn ará Ìdànrè ń gbé fún ọgọ́rọ̀ọ̀rún ọdún, níbi tí ogun kò ti lè dé bá wọn, kí wọ́n tó sọ̀kalẹ̀ sí ìsàlẹ̀ láàárín ọdún 1920 sí 1940. Ní ọdún 2007 ni orílẹ̀-èdè wa fi orúkọ òkè náà sílẹ̀ lọ́dọ̀ àjọ UNESCO, pé kí wọ́n kà á mọ́ ogún gbogbo ayé.

A san owó ìwọlé. Ẹ̀gbọ́n mi ní òun yóò máa sùn nínú mọ́tò. Àtẹ̀gùn tí a ó gùn lé ní 600. Mo bẹ̀rẹ̀ sí kà wọ́n, ṣùgbọ́n nígbà tí èémí kò tó mọ́, mo fi ìṣirò sílẹ̀. Ẹ wọ bàtà tí ó di ẹsẹ̀ mú, ẹ gbé omi dání, ẹ sì jẹ́ kí ó jẹ́ òwúrọ̀, torí pé bí oòrùn bá ti ra àpáta náà, ìsàlẹ̀ ni yóò ti máa jó yín. Àwọn ibi ìsinmi wà lẹ́bàá àtẹ̀gùn. Màmá dé ìkejì, ó jókòó, ó di orúnkún rẹ̀ mú. Lẹ́yìn ìgbà díẹ̀ ó ní, "Lọ bá mi wò ó. Ìyá mi ní ènìyàn á máa rí ààfin láti ẹnu ọ̀nà wọn. Ó ní àpáta kan wà lẹ́yìn ilé tí àwọn ọmọdé ń yọ̀ bọ̀rọ́ sọ̀kalẹ̀ lórí rẹ̀. Wá ilé náà fún mi."

Èmi àti amọ̀nà kan gòkè. Lókè, ilẹ̀ tẹ́jú láàárín àwọn àpáta, ìlú sì wà níbẹ̀ láìsí ènìyàn: ààfin Ọwá pẹ̀lú àgbàlá rẹ̀, ilé ẹjọ́, ilé ìwé alámọ̀ kan tí mo yọjú wò gẹ́gẹ́ bí olùkọ́ tí mo sì rí i pé fèrèsé rẹ̀ kéré jù. Amọ̀nà fi ẹsẹ̀ Agbóògùn hàn mí lára àpáta, tí wọ́n ní ó ń bá ẹsẹ̀ gbogbo ènìyàn mu àyàfi àjẹ́. Mo ki ẹsẹ̀ mi bọ̀ ọ́. Ẹ má bi mí bí ó ti rí.

Ṣùgbọ́n ilé ìyá àgbà ni mo bá wá. Mo sọ àmì tí Màmá fún mi fún amọ̀nà náà. Ó yí ojú ká, ó ní, "Ọ̀gá, ilé wo ni kò ní àpáta lẹ́yìn níbí?" Mo tún wò ó. Òótọ́ ni ó sọ. Ògiri tí ó ti wó ni gbogbo ibẹ̀, koríko ti hù nínú yàrá, àpáta sì wà lẹ́yìn ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn. Mo tò wọ́n wò títí oòrùn fi mú. Mo rí àpáta kan tí ó dán, tí ó sì dà gẹ̀rẹ̀gẹ̀rẹ̀, mo fi fóònù mi ya àwòrán rẹ̀. Bí mo ti ń sọ̀kalẹ̀, mo ń bá ara mi sọ ọ́ pé kí n kúkú fi èyí han Màmá, kí n ní ibẹ̀ nìyẹn. Ta ni yóò já mi? Ìyá mi ti ná owó, orúnkún rẹ̀ sì ti ro ó.

Ó rí mi lókèèrè, ó dìde. Nígbà tí mo dé ọ̀dọ̀ rẹ̀, ẹnu mi kò gbà á. Mo ní, "Màmá, n kò mọ èwo ni. Gbogbo wọn ni ó jọ ọ́."

Ó jókòó padà. Ó ní, "Mo rò bẹ́ẹ̀. Ọmọ ọdún 4 ni ìyá mi nígbà tí wọ́n pọ̀n ọ́n sọ̀kalẹ̀ lórí òkè yìí. Àpáta tí ó yọ̀ lé nìkan ni ó rántí." Ó gba fóònù, ó wo àwòrán náà, ó sì fi àtàǹpàkò nù ojú rẹ̀ bí ẹni pé eruku wà níbẹ̀.

A ṣì wà níbẹ̀ nígbà tí ẹ̀gbọ́n mi yọ láti ìsàlẹ̀, tí òógùn bò ó, tí ó di dòdò Ìkirè tí ó kù lọ́wọ́. Ó ní òun ti ń retí wa láti àárọ̀, pé a ó pẹ́ dé Ìbàdàn, ẹni tí ó jẹ òun lówó kò sì gbọdọ̀ tún bọ́. Màmá bọ́ dòdò kan sẹ́nu. Ó ní, "Wọ́n ní èèyàn á máa rí ààfin láti ẹnu ọ̀nà. Àbúrò rẹ kò rí i. Ìwọ lọ wò ó."

Mo rò pé yóò jiyàn. Ó wo àtẹ̀gùn, ó wo Màmá, ó gbé kọ́kọ́rọ́ mọ́tò fún mi, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí gòkè. Wákàtí 2 ni a fi dúró dè é.